Ojú Tó Wà Lẹ́yìn Kámẹ́rà: Túndé Kèlání àti Àádọ́ta Ọdún Nídìí Iṣẹ́ Àwòrán



Ìfáárà

Bí sinimá bá ti parí, tí orúkọ àwọn tó ṣiṣẹ́ níbẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè lójú pátákó, ìgbà náà gan-an ni òǹwòran máa ń wá bàtà rẹ̀. Orúkọ àwọn òṣèré ti wà lẹ́nu tọmọdé tàgbà tẹ́lẹ̀. Orúkọ olùdarí, èèyàn díẹ̀ á rántí rẹ̀. Ti ẹni tó di kámẹ́rà mú ńkọ́, ẹni tó jẹ́ pé ojú rẹ̀ ni gbogbo wa fi wo eré náà látìbẹ̀rẹ̀ dópin? Ìyẹn a máa kọjá lọ fìì, bí ọkọ̀ tí kò ní èrò í sọ̀.

Láàárín ọdún 1980 sí 1989, Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love, ṣe *Taxi Driver*, ó sì ṣe *Ìyá Ni Wúrà*. Túndé Kèlání ló wà lẹ́yìn kámẹ́rà nínú méjèèjì. Nígbà tó di 1999, Kèlání yìí kan náà ló darí *Ṣaworoidẹ*, ọ̀dọ́mọkùnrin kan sì kọ́kọ́ yọjú sójú sinimá nínú rẹ̀, tó ṣe ọmọ ọba tí wọ́n ń pè ní Arẹ́sẹ̀jábàtà. Kúnlé Afọláyan ni, ọmọ Adé Love. Ojú kan náà tó wo bàbá ló wo ọmọ. Kó tó dìgbà náà, ológun ti gbàjọba, wọ́n ti gbé e sílẹ̀, fíìmù ti di fídíò, ọ̀pọ̀ gbọ̀ngàn sinimá tí bàbá ti fi eré rẹ̀ hàn sì ti di ṣọ́ọ̀ṣì tàbí ilé ìkẹ́rùsí. Oníkámẹ́rà ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́.

Báwo ló ṣe pẹ́ tó bẹ́ẹ̀? Ẹ̀rọ tí Kèlání fi ṣiṣẹ́ yí padà léraléra, láti orí kámẹ́rà onífọ́tò dé orí díjítà, iṣẹ́ náà kò sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ohun méjì ló gbójú lé tí ẹ̀rọ kankan kò lè gbà lọ: ìmọ̀ nípa ìmọ́lẹ̀, àti ìwé Yorùbá. Àlàyé ohun méjì yẹn ni ìdánilẹ́kọ̀ọ́ yìí.

Abẹ́òkúta, kí kámẹ́rà tó dé

Èkó ni wọ́n ti bí Kèlání, lọ́jọ́ 26 oṣù Kejì ọdún 1948, ṣùgbọ́n Abẹ́òkúta ló ti là lójú. Ọmọdé ni nígbà tí wọ́n mú un lọ sọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ àgbà, tó jẹ́ Balógun Ìjàyè Kúkúdì. Ẹni tó bá mọ ilé olóyè láyé ìgbà náà mọ ohun tí ọmọ máa ń rí níbẹ̀: ẹjọ́ tí wọ́n ń dá, oríkì tí wọ́n ń kì, orò ọdọọdún, òwe tí àwọn àgbà fi ń dá ara wọn lóhùn láìpe orúkọ ẹnikẹ́ni. Ìwé Yorùbá tún wà nílẹ̀ láti kà. Tíátà alárìnjó sì wà láti wò, nítorí ìgbà náà ni iná wọn ń jó jù. Nígbà tí Kèlání wà ní ilé-ìwé girama, ó rí *Ọba Kò So* ti Dúró Ládiípọ̀, ó rí *Ọ̀mùtí* ti Kọ́lá Ògúnmọ́lá, ó sì rí àwọn eré Hubert Ògúńdé.

Eré orí ìtàgé ìgbà náà kò ní ẹrù púpọ̀. Aṣọ, ìlù, ijó àti iná díẹ̀ ni wọ́n fi ń sọ pẹpẹ lásán di ààfin Ọ̀yọ́. Ọmọ tó bá fojú sílẹ̀ wò ó dáadáa á ti rí i pé ibi tí iná bá bọ́ sí ni ojú ń lọ.

Láti ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni fọ́tò ti wọ̀ ọ́ lójú. Jálẹ̀ ọdún tó lò ní Abẹ́òkúta Grammar School, owó àti àkókò rẹ̀ ń bá fọ́tò lọ. Nígbà tó jáde, ó lọ kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ onífọ́tò bí ọmọ iṣẹ́ yòókù. Àwọn tó ti dàgbà díẹ̀ nínú wa ṣì rántí ṣọ́ọ̀bù fọ́tò ìgbà náà: aṣọ tí wọ́n ya òdòdó tàbí ọkọ̀ òfuurufú sí tí wọ́n fi kọ́ ara ògiri, àga kan, gílóòbù ńlá méjì, àti yàrá kótópó kan tó ṣókùnkùn biribiri, níbi tí wọ́n ti ń fọ fọ́tò lábẹ́ iná pupa bàìbàì. Ṣọ́ọ̀bù bẹ́ẹ̀ ló ń kọ́ ọmọ iṣẹ́ pé iná tó bá gba ẹ̀gbẹ́ wá a máa gbé imú àti ẹ̀rẹ̀kẹ́ yọ, èyí tó bá gba iwájú gangan a máa sọ ojú di pẹlẹbẹ. Ó tún ń kọ́ ọ pé fíìmù kì í ṣe omi ẹ̀rọ. Ẹ̀ẹ̀kan tí o bá tẹ bọ́tìnnì, owó ti lọ.

Agodi: ìṣirò tí kò gba àṣìṣe

Ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959 ni ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn, nígbà tí Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ jẹ́ Olórí Ìjọba, ṣí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV ní Agodi, n'Ìbàdàn. "Àkọ́kọ́ ní Áfíríkà" ni wọ́n fi ṣe oríkì rẹ̀. Ibẹ̀ ni àwọn aláwàdà Moses Ọláìyá ti wọ yàrá àlejò àwọn èèyàn. Ibẹ̀ náà ni Adébáyọ̀ Fálétí ti ṣiṣẹ́, tó ń gé fíìmù tò, tó sì ń tọ́jú ilé ìkófíìmùsí. Kèlání, ọmọ iṣẹ́ onífọ́tò láti Abẹ́òkúta, wọ ilé-iṣẹ́ yìí, ó sì kọ́ bí wọ́n ṣe ń ya àwòrán tó ń rìn.

Ẹni tó jẹ́ pé fóònù ni kámẹ́rà àkọ́kọ́ tó dì mú, ẹ jẹ́ ká bá a ṣe ìṣirò díẹ̀. Fíìmù tí tẹlifíṣọ̀n ń lò nígbà náà jẹ́ mìlímítà 16 ní fífẹ̀. Ẹsẹ̀ bàtà kan rẹ̀ gba àwòrán 40. Tẹlifíṣọ̀n wa ń fi àwòrán 25 hàn láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Róòlù kékeré, ẹsẹ̀ bàtà 100, á tán láàárín ìṣẹ́jú méjì àti ìṣẹ́jú àáyá 40. Róòlù ńlá, ẹsẹ̀ bàtà 400, kò lè pé ìṣẹ́jú mọ́kànlá. Kámẹ́rà Bolex tí àwọn oníròyìn lò kárí ayé kò tiẹ̀ ní bátìrì. Ọwọ́ ni wọ́n fi ń wé okùn rẹ̀ bí aago àtijọ́, bí wọ́n bá sì wé e dé òpin, kò lè ṣiṣẹ́ pé ìdajì ìṣẹ́jú kó tó dákẹ́.

Èyí tó tún le jù nínú ọ̀rọ̀ náà ni pé fíìmù tí wọ́n fi ń ya ìròyìn kò ní nẹ́gétíìfù. Èyí tó wà nínú kámẹ́rà gan-an ni wọ́n ń fọ̀, òun náà ni wọ́n ń fi abẹ gé tí wọ́n ń fi téèpù lẹ̀, òun náà ni wọ́n ń gbé sórí ẹ̀rọ lálẹ́. Bí nǹkan bá họ ọ́, ó ti họ títí ayé. Bí ìmọ́lẹ̀ bá pọ̀ jù lójú rẹ̀, kò sí ẹ̀dà kankan níbì kankan tí wọ́n lè padà sí.

Nítorí náà, oníkámẹ́rà ìgbà náà ti gbọ́dọ̀ gé eré náà tò nínú orí rẹ̀ kó tó tẹ bọ́tìnnì. Bí gómìnà bá ń ṣí afárá, ó ti mọ̀ pé òun nílò ojú gómìnà, ọwọ́ tó di àlùmọ́gàjí mú, ríbọ́ǹnù tó já, àti ojú èrò tó ń pàtẹ́wọ́. Ó lè má jù ogójì ìṣẹ́jú àáyá lọ lápapọ̀. Ìyókù, kó pa kámẹ́rà rẹ̀ dé.

Lọ́ńdọ̀nù, Etiópíà, Sìmbábúwè

Láti Ìbàdàn, Kèlání lọ sí London Film School, ilé-ẹ̀kọ́ tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1956, tó wà ní Covent Garden láàárín ìgboro Lọ́ńdọ̀nù. Ní ilé-ẹ̀kọ́ yẹn, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fúnra wọn ló ń bá ara wọn ṣiṣẹ́: ẹni tó darí eré tiẹ̀ lónìí lè gbé iná fún ẹlòmíràn lọ́la, kó gba ohùn sílẹ̀ lọ́túnla, kó sì gé fíìmù lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Ẹni tó bá ti ibẹ̀ jáde kò ní sọ pé iṣẹ́ kan kò kan òun.

Láàárín ọdún 1970 sí 1979, ó bá tẹlifíṣọ̀n BBC àti Reuters ṣiṣẹ́ ìròyìn. Reuters rán an lọ sí Etiópíà nígbà ọ̀dá, wọ́n sì rán an lọ sí Sìmbábúwè lẹ́ẹ̀mẹta lórí ọ̀rọ̀ òmìnira orílẹ̀-èdè náà, tó wá sí ìmúṣẹ lọ́jọ́ 18 oṣù Kẹrin ọdún 1980. Kò sí olùdarí tó lè sọ fún ìyàn pé kó tún un ṣe. Kò sí ẹni tó lè bẹ àsíá pé kó sọ̀ kalẹ̀, kó tún gòkè, nítorí pé kámẹ́rà kò tíì gún. Ìròyìn kì í dúró de oníkámẹ́rà. Ẹni tó bá ti bá irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ jìjàkadì, tó wá padà sídìí eré, a máa mọ iye ohun tí ojú kan tó yí padà lójijì lè sọ.

Lẹ́yìn tó padà sílé, òun àti Fálétí pẹ̀lú àwọn mìíràn jọ gbé eré kan jáde, *The Dilemma of Rev. Father Michael*, láti inú *Ìdààmú Páàdì Mínkáílù* tí Fálétí kọ. Ẹ fọkàn sí i. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ tí Kèlání fi owó àti orúkọ ara rẹ̀ tì, inú ìwé Yorùbá ló ti mú un.

Ọwọ́ tó ń bá oníṣẹ́ ṣiṣẹ́

*Àjàní Ògún*, tí Ọlá Balógun darí ní 1976 pẹ̀lú Adé Love, ló ṣílẹ̀kùn. Lẹ́yìn rẹ̀ ni àwọn ọ̀gá tíátà alárìnjó ya bo fíìmù. Ògúńdé ṣe *Aiyé* ní 1979, ó ṣe *Jáiyésimi* ní 1980. Láàárín ọdún mẹ́wàá tó tẹ̀ lé e, bí ọ̀gá tíátà kan bá fẹ́ ṣe fíìmù mìlímítà 16, ọ̀dọ̀ Kèlání ló sábà máa ń forí lé. *Aníkúrà*, *Ogun Àjàyè*, *Ìyá Ni Wúrà*, *Taxi Driver*, *Ìwà*: ọwọ́ rẹ̀ wà nínú gbogbo wọn.

Iṣẹ́ yẹn ní ìpọ́njú tirẹ̀. Nẹ́gétíìfù aláwọ̀ ní láti wọ bàálù lọ sílùú Òyìnbó kí wọ́n tó fọ̀ ọ́. Ọ̀gá tíátà ti tú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ ká, wọ́n ti wó ilé tí wọ́n kọ́ fún eré, irùngbọ̀n òṣèré ti hù, kó tó di pé ẹnikẹ́ni mọ̀ bóyá àwòrán jáde tàbí kò jáde. Láàárín àkókò yẹn, oníkámẹ́rà nìkan ló mọ ohun tó wà nínú agolo, òun náà kò sì lè fi han ẹnikẹ́ni. Ìgbàgbọ́ ni wọ́n ń tà fún ọ̀gá.

Bí ẹ̀dà bá sì dé, ilé sinimá tó ń dúró dè é kò tó nǹkan. Ọ̀gá tíátà á gbé ẹ̀rọ ìfihàn àti agolo fíìmù sínú ọkọ̀, á sì máa ná ìlú kiri bó ṣe ń ná an nígbà tó jẹ́ eré orí ìtàgé: Gbọ̀ngàn Àpapọ̀ ní Ìgànmú, gbọ̀ngàn àṣà ní Mọ́kọ́lá, gbọ̀ngàn ilé-ìwé ní àwọn ìlú kéékèèké. Ẹ̀dà kan náà tí wọ́n ń gbé kiri yìí ni àwọn mìíràn wò títí ó fi họ tán.

Ọ̀rọ̀ owó ló pa iṣẹ́ náà. Ní 1985, náírà kan ṣì ju dọ́là Amẹ́ríkà kan lọ. Lẹ́yìn tí ìjọba Ibrahim Babangida gbé ètò àtúntò ọrọ̀-ajé tí wọ́n ń pè ní SAP kalẹ̀ ní 1986, kò pẹ́ tí èèyàn fi ń wá náírà mẹ́rin kó tó rí dọ́là kan. Fíìmù, kẹ́míkà, owó ìfọ̀, ẹ̀dà, owó òkèèrè ni wọ́n fi ń san gbogbo rẹ̀. Ọ̀gá tíátà tó ti jẹ gbèsè nítorí fíìmù kan kò tún lè ṣe èkejì.

Ní 1990, Bruce Beresford wá ya *Mister Johnson* ní Toro, ní apá Bauchi, láti inú ìwé tí Joyce Cary kọ ní 1939. Pierce Brosnan wà nínú rẹ̀. Maynard Eziashi tó ṣe Johnson sì gba àmì-ẹ̀yẹ òṣèré tó dára jù ní Berlin lọ́dún tó tẹ̀ lé e. Kèlání wà lára àwọn tó ran olùdarí lọ́wọ́. Ògúńdé náà ṣeré nínú rẹ̀, eré yẹn ló sì ṣe gbẹ̀yìn, torí pé ọjọ́ 4 oṣù Kẹrin ọdún 1990 ló jáde láyé ní Lọ́ńdọ̀nù. Ayé fíìmù àwọn alárìnjó ń lọ sópin, Kèlání sì wà níbẹ̀ tó ń wò ó.

Agbádá funfun, ojú dúdú

Ẹ jẹ́ ká fi ìtàn sílẹ̀ díẹ̀, ká wọ inú iṣẹ́ gan-an.

Ìran ìnáwó pọ̀ nínú eré Yorùbá. Aago kan ọ̀sán ni, oòrùn wà ní àtàrí. Olóyè wọ agbádá léèsì funfun, ó dé fìlà funfun, ojú rẹ̀ sì dúdú bíi kóró iṣin. Èèyàn tó dúró níbẹ̀ kò rí ìṣòro kankan, nítorí ojú ẹ̀dá a máa bá ohun tó dúdú àti ohun tó funfun lò pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Fíìmù kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Bí oníkámẹ́rà bá ṣí lẹ́ǹsì tó fún ojú olóyè, agbádá á funfun gbòò, iṣẹ́ ọnà ara léèsì á pòórá. Bó bá pa á kù nítorí agbádá, ojú olóyè á di ihò, eyín àti ẹyinjú nìkan lá máa yọ. Fíìmù tí kò ní nẹ́gétíìfù ló ṣòro jù nínú ọ̀rọ̀ yìí, fídíò tó kọ́kọ́ dé kò sì sàn jù ú lọ.

Àwọn ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe fíìmù kámẹ́rà ló ṣe é bẹ́ẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, Kodak a máa fi káàdì kan ránṣẹ́ sí àwọn ilé ìfọfọ́tò, àwòrán obìnrin aláwọ̀ funfun ló wà lórí rẹ̀. Àwọ̀ obìnrin yẹn ni wọ́n fi ń díwọ̀n bóyá ẹ̀rọ ti gún. Shirley ni wọ́n ń pe káàdì náà. Nígbà tí àwọn tó ń ta ṣokoléètì àti àwọn tó ń ta àga onígi ráhùn pé àwọ̀ ilẹ̀ kò jáde dáadáa nínú ìpolówó ọjà wọn ni ilé-iṣẹ́ náà tó bẹ̀rẹ̀ sí í tún fíìmù ṣe. Ọ̀rọ̀ ṣokoléètì ló kọ́kọ́ dé etí wọn, kí ọ̀rọ̀ èèyàn tó dé ibẹ̀.

Kí ni oníkámẹ́rà tó wà l'Ábẹ́òkúta tàbí n'Ìbàdàn fẹ́ ṣe? Ó ní láti fi ọgbọ́n ọwọ́ tún ohun tí ilé-iṣẹ́ bàjẹ́ ṣe. Á sọ fún ọ̀gá tíátà pé ìran ìnáwó kò ní bọ́ sí ọ̀sán, àárọ̀ kùtùkùtù ni, tàbí lẹ́yìn aago mẹ́rin, nígbà tí oòrùn bá ti rọ̀ tó ń gba ẹ̀gbẹ́ bọ̀. Bí ọ̀sán bá di dandan, á na aṣọ funfun sókè orí òṣèré kó lè tú oòrùn ká, á sì gbé pátákó funfun sísàlẹ̀ kó máa da ìmọ́lẹ̀ padà sójú. Bí kò bá sí pátákó, ògiri tí wọ́n kùn ní ẹfun á ṣe é. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ agbo ilé dára púpọ̀, torí pé ẹ̀gbẹ́ kan ṣoṣo ni ìmọ́lẹ̀ ń gbà wọlé. Ọyẹ́ náà ní àǹfààní tirẹ̀: eruku inú afẹ́fẹ́ a máa jẹ́ kí oòrùn tutù, kí òjìji má le.

Aṣọ ńkọ́? Ẹni tó bá ní ojú á fi léèsì funfun sílẹ̀, á mú sányán, ẹtù tàbí àdìrẹ. Àwọ̀ àwọn aṣọ wọ̀nyí kò jìnnà sí ti ara èèyàn, kámẹ́rà kì í bá wọn jà. Ojú lọ̀rọ̀ wà, àwọn baba wa wí, ojú náà sì ni gbogbo làálàá oníkámẹ́rà dá lé lórí.

Òpómúléró

Nígbà tí fídíò dé, ọ̀pọ̀ àwọn tó ti fi fíìmù ṣiṣẹ́ yínmú sí i. Àwòrán rẹ̀ kò mú, àwọ̀ rẹ̀ ń ṣàn, ojú rẹ̀ kò gba oòrùn. Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n kò nílò bàálù, kò nílò dọ́là, wọ́n sì lè wo ohun tí wọ́n yà lójú ẹsẹ̀. Kèlání kò jókòó ti òkú fíìmù máa sunkún. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1990 sí 1999, ó dá ilé-iṣẹ́ sinimá tirẹ̀, Mainframe, sílẹ̀, ó sì fún un ní orúkọ ilé, Òpómúléró. Ẹni tó ti ń bá àwọn ọ̀gá ṣiṣẹ́ di ọ̀gá fúnra rẹ̀.

*Ti Olúwa Ni Ilẹ̀* jáde ní 1993, ní apá mẹ́ta. Káríìmù Adépọ̀jù, Bàbá Wándé, ló kọ ọ́, òun náà ló sì ṣe olóyè tó jẹ́ òpó eré náà. Nínú eré náà, wọ́n ta ilẹ̀ àwọn baba ńlá fún ẹni tó fẹ́ kọ́ ilé epo, àwọn tó pín owó náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í kú. *Ayọ̀ Ni Mo Fẹ́* tẹ̀ lé e ní 1994.

Lẹ́yìn náà ni Akínwùmí Ìṣọ̀lá dé, ọ̀jọ̀gbọ́n èdè Yorùbá ní Ifẹ̀. Márùn-ún ni iṣẹ́ tí àwọn méjèèjì jọ ṣe tó gbajúmọ̀ jù: *Kò Ṣeé Gbé* ní 1995, lórí òṣìṣẹ́ kọ́sítọ́ọ̀mù tó kọ ẹ̀gúnjẹ, *Ó Le Kú* ní 1997, *Ṣaworoidẹ* ní 1999, *Agogo Èèwọ̀* ní 2002, àti *The Campus Queen* ní 2004. Ọ̀dọ̀ Fálétí ni *Thunderbolt*, tí àwọn èèyàn mọ̀ sí *Mágùn*, ti wá. Inú ìwé Báyọ̀ Adébọ̀wálé ni *The Narrow Path* ti jáde, inú ti Fẹ́mi Ọ̀ṣọ́fisan sì ni *Màámi* ti ọdún 2011, tí Fúnkẹ́ Akíndélé ṣe ìyá inú rẹ̀.

Ẹ wo *Ó Le Kú* dáadáa. Ọdún 1974 ni ìwé tí Ìṣọ̀lá kọ lábẹ́ orúkọ yẹn jáde. Ọmọ Yunifásítì Ìbàdàn kan, Àjàní, wà láàárín ọmọbìnrin mẹ́ta. Láti gbé e sójú àwòrán ní ọdún 1997, wọ́n ní láti wá mọ́tò ayé ọjọ́un, irun dídì ayé ọjọ́un, àti ìró tí kò kọjá orúnkún. Kò pẹ́ tí eré náà jáde tí àwọn aránṣọ fi bẹ̀rẹ̀ sí í gé ìró kúkúrú fún àwọn ọmọge tó ń lọ òde àríyá, orúkọ tí wọ́n sì fún aṣọ náà ni Olékú. Ìwé bí àwòrán, àwòrán bí aṣọ.

*Ṣaworoidẹ* jáde lọ́dún tí ológun gbé ìjọba sílẹ̀ fún alágbádá, lọ́jọ́ 29 oṣù Karùn-ún. Lápité, ọba Jogbo tí kò jẹ́ kí wọ́n ṣe orò fún òun. Àwọn agégẹdú tó ń gé igbó tán. Lágàta, ológun tó já adé gbà. Àti ìlù onísaworo idẹ tí ọba tí kò bá mulẹ̀ kò gbọ́dọ̀ gbọ́ tòun tadé lórí. Kò sí ọmọ Nàìjíríà tó nílò alálàyé kó tó mọ ibi tí ọ̀rọ̀ náà ń lọ. Fálétí ni Bàbá Ọ̀pálábá nínú rẹ̀. Ọ̀gbẹ́ni tó ń gé fíìmù tò ní Agodi láyé ijọ́sí ti wá di ojú tí kámẹ́rà Kèlání ń wò.

Láti kásẹ́ẹ̀tì dé káàdì

Ní 2006, *Àbẹ̀ní* gba ibodè kọjá. Mainframe àti àwọn oníṣẹ́ ní Benin jọ ṣe é, lórí ọmọbìnrin Èkó àti ọ̀dọ́mọkùnrin Kùtọnu, Yorùbá tó ń sọ Gẹ̀ẹ́sì pẹ̀lú Yorùbá tó ń sọ Faransé. *Arugbá* mú kámẹ́rà lọ sídìí Ọ̀ṣun Òṣogbo, ọdún díẹ̀ lẹ́yìn tí UNESCO kọ igbó náà mọ́ ogún àgbáyé ní 2005. *Dazzling Mirage*, ní 2014, sọ̀rọ̀ àìsàn fòníkúfọ̀ládìde.

Kásẹ́ẹ̀tì di àwo, àwo di káàdì kékeré tí kò tó èékánná. Kodak fúnra rẹ̀ lọ sí kóòtù ní oṣù Kìíní ọdún 2012, ó ní apá òun kò ká gbèsè mọ́. Ẹ̀rọ tuntun tó mú iṣẹ́ rọrùn fún Kèlání mú un rọrùn fún olè pẹ̀lú: kí eré tó dé ọwọ́ ẹni tó fẹ́ fi owó rà á, àdàkọ rẹ̀ ti wà lórí àtẹ. Kèlání ti kígbe lórí ọ̀rọ̀ yìí láìmọye ìgbà, ó sì lẹ́tọ̀ọ́ sí igbe náà.

Ọmọ kámẹ́rà òní lè ya wákàtí mẹ́fà láì ná kọ́bọ̀ kan sí i. Ìyẹn dára. Ó sì léwu, torí ẹni tí kò ní róòlù tó ń tán kì í sábà béèrè ohun tí òun ń wá kó tó tẹ bọ́tìnnì.

Ní 2021, nígbà tí Kèlání pé ẹni ọdún 73, *Ayinla* jáde. Ayìnlá Ọmọwúrà, olórin àpàlà, tí wọ́n pa nínú ìjà ilé ọtí l'Ábẹ́òkúta lóṣù Karùn-ún ọdún 1980, ni ìtàn rẹ̀ dá lé lórí. Látìfù Adédiméjì ló sì ṣe Ayìnlá. Ọmọ tó wo Ọba Kò So ní ilé-ìwé girama padà sí ìlú tó ti là lójú, ó lọ ya ìtàn ọmọ ìlú náà.

Àgbálọgbábọ̀

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí Yorùbá ṣe wọṣọ, bí ọba ṣe jókòó, bí ìlù ṣe dún láàárín ọdún 1980 sí ìsinsìnyí, ohun tí oníkámẹ́rà fi sílẹ̀ ni yóò wò. Ó yẹ kí á máa kà wọ́n mọ́ àwọn òpìtàn wa. Ṣùgbọ́n ohun tí Kèlání fi fídíò àti díjítà ṣe ṣì wà nílẹ̀ ju ohun tó fi fíìmù ṣe fún àwọn ẹlòmíràn lọ. Èyí tó wà lórí mìlímítà 16 ló wà nínú ewu.

Nítorí náà, ẹ̀bẹ̀ kan ni ìdánilẹ́kọ̀ọ́ yìí fẹ́ fi parí, ó sì kan àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ àwọn ọ̀gá tíátà alárìnjó. Ẹ wo abẹ́ bẹ́ẹ̀dì àti orí àjà. Bí ẹ bá rí agolo róbótó pẹlẹbẹ, ẹ má jù ú sórí ààtàn, ẹ má sì fà á yọ wò nínú oòrùn. Bó bá ń rùn bí ọtí kíkan, ó ti ń jẹra, kò sì ní dúró de ẹnikẹ́ni. Ẹ gbé e sí ibi tó tutù, tí kò ní ọ̀rinrin, kí ẹ sì kàn sí ilé ìkófíìmùsí ìjọba àpapọ̀ tó wà ní Jos. Kí ẹ tó gbé e lọ, ẹ wá páálí àti bírò. Ẹ kọ orúkọ eré náà sí i, ẹ kọ ti ẹni tó ni ín, bí ẹ bá sì mọ orúkọ ẹni tó yà á, ẹ kọ ìyẹn náà sí i.